Wọ́n ní kí n yọ èpè màmá kúrò nínú fíìmù mi

Ẹ̀yin èèyàn mi, mo ti ń ka ìrírí ẹ̀yin tẹ́ ẹ̀ ń ṣe fíìmù ìfẹ́ àti kọ́mẹdì. Tèmi yàtọ̀ díẹ̀, pirodúsà ni mí, mi ò ní ọ̀gá, fíìmù àwọn tí wọ́n lé kúrò nílé ni mò ń ṣe, owó tí mo bá rí lóde ìgbéyàwó tí mo lọ yà fáwọn èèyàn ni mo fi ń ra data àti epo jẹn (owàmbẹ̀ ló ń gbọ́ bùkátà fíìmù mi o, ẹ má rẹ́rìn-ín).

Ti Màrókò, àdúgbò kan l'Ékòó tí ìjọba wó, ni mo fẹ́ sọ. Ẹ̀yin àgbà á rántí, oṣù July 1990, ayé Raji Rasaki, gómìnà ológun Èkó, ni katapílà wọbẹ̀, wọ́n ní àwọn tó di aláìnílé tó 300,000. Wọ́n kó díẹ̀ nínú wọn lọ sí àwọn ilé tó jẹ́ ti ìjọba ní Ìlàsan àti Ìkọtà. Ìlàsan yẹn ni mo ti bá màmá kan pàdé. Kó tó jẹ́ kí n tan kámẹ́rà, ó ní "Ọmọ mi, èló lo máa rí níbẹ̀?" Mo ṣàlàyé títí, ó kàn ń wò mí ni. Ìgbà tó yá ló wọ yàrá, ó gbé rìsíìtì ilẹ̀ wọn jáde látinú ọ̀rá méjì, ìwé náà ti fẹ́ ya lójú ibi tí wọ́n ti ká a, àtẹ̀ka ẹni tó talẹ̀ fún ọkọ ẹ̀ ṣì hàn, ló bá gbé e síwájú kámẹ́rà, ló bá bẹ̀rẹ̀ sí í ṣépè. Èpè gidi o! Ọmọ tó di máìkì mú fẹ́ sá.

Ilé iṣẹ́ kan tó ní òun máa fowó sí i wò ó tán, wọ́n ní ó wọ àwọn lọ́kàn gan-an, àmọ́ kí n yọ èpè yẹn, kí n fi ibi tí màmá ti ń sunkún sílẹ̀. Ọ́fíìsì tá a jókòó sí yẹn, apá Òníru ni, orí ilẹ̀ Màrókò gan-an! Mi ò mọ̀ bóyá wọ́n mọ̀. Mo ní màá lọ rò ó, mi ò padà débẹ̀ mọ́. Ẹkún tálákà làwọn olówó yìí fẹ́, wọn ò fẹ́ ìbínú ẹ̀.

Bọ̀ọ̀dá kan tó ń ta síìdì n'Ídùmọ̀tà tẹ́lẹ̀, tó ti bọ́ sórí YouTube báyìí, wò ó náà, ó ní "Àǹtí, kò sí orogún, kò sí bàbáláwo, ta ni n ó tà á fún?" Mi ò bínú, òótọ́ ló sọ.

Ìlàsan náà la ti kọ́kọ́ fi hàn. Aṣọ funfun la ta mọ́ ògiri, jẹnẹrétọ̀ ń pariwo, ọ̀rọ̀ ò fi bẹ́ẹ̀ dún síta, àmọ́ nígbà tó kan èpè màmá gbogbo wọn ń ké "àṣẹ!" Bàbá kan dìde pé a ò dárúkọ àdúgbò òun, làríyànjiyàn bá bẹ̀rẹ̀, wọn ò wo fíìmù mọ́.

Mo fẹ́ gbé e lọ sí iREP, àjọ̀dún fíìmù ìtàn gidi (documentary) tí wọ́n máa ń ṣe ní Freedom Park, inú ọgbà ẹ̀wọ̀n àtijọ́ yẹn ní Broad Street, àmọ́ fọ́tò inú Màrókò kí 1990 tó dé ni mi ò ní tó. Ẹni tóbìí ẹ̀ bá gbébẹ̀ rí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ yẹ álíbọ́ọ̀mù ilé yín wò. Màá wá bá yín, ì báà ṣe Ajah tàbí Agége, fóònù ni màá fi yà á, fọ́tò yín ò ní kúrò nílé.