Bougainvillea mi ń rúwé, kò ta gbòǹgbò

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olólùfẹ́ òdòdó. Ìbàdàn ni mo wà. Hibiscus kì í yọ mí lẹ́nu: bí mo bá ti gé e, tí mo rì í mọ́lẹ̀ lásìkò òjò, ó hù nìyẹn. Bougainvillea ló ń dà mí láàmú. Ẹ̀ka rẹ̀ á kọ́kọ́ rúwé, inú mi á dùn. Bí mo bá fà á wò, kò sí gbòǹgbò kankan, ìdí rẹ̀ á ti dúdú, á ti rọ̀ pẹ̀tẹ̀. Ẹ̀ka tó ti gbó ni mo ń gé o, kì í ṣe ọ̀jẹ̀lẹ́. Ṣé yanrìn nìkan ni kí n lò, àbí kí n pò ó mọ́ ilẹ̀dú? Ẹnìkan ní kí n fi omi ewé aloe vera pa ojú ibi tí mo gé. Ṣé ó ń ṣiṣẹ́ lóòótọ́?