Wọ́n kọ orúkọ ọ̀rẹ́ mi mọ́ ẹ̀sùn owó ìgbéyàwó ní Íńdíà, kí la lè ṣe?

Ẹ kú iṣẹ́ o. Mo ń wá ẹni tó mọ̀ nípa òfin Íńdíà.

Ọ̀rẹ́ mi kan tá a jọ ń ṣe nọ́ọ̀sì ní Lọ́ńdọ̀nù níbí, ọmọ Hyderabad ni. Ìyàwó ẹ̀gbọ́n rẹ̀ lọ fẹjọ́ sùn lágọ̀ọ́ ọlọ́pàá pé wọ́n ń fìyà jẹ òun nítorí owó àti góòlù. (Lọ́dọ̀ tiwọn, ilé ìyàwó ló ń kówó fún ilé ọkọ, bó tilẹ̀ jẹ́ pé òfin ti kà á léèwọ̀ láti 1961.) Wọ́n fi orúkọ ọ̀rẹ́ mi sí i, lábẹ́ abala 498A, ìyẹn òfin tó ń fìyà jẹ ọkọ àti mọ̀lẹ́bí rẹ̀ tó bá hùwà ìkà sí ìyàwó. Mo ka ìwé ẹ̀sùn náà: gbólóhùn kan péré ló kàn án, pé àbúrò ọkọ "náà ń tì wọ́n lẹ́yìn." Kò sọ ọjọ́, kò sọ ohun tó ṣe.

Mi ò ní irọ́ ni ìyàwó ń pa o. Mi ò sí nílé wọn, ojú àwọn obìnrin sì ń rí nǹkan níbẹ̀.

Lọ́yà sọ pé ilé ẹjọ́ gíga lè fagi lé ẹ̀sùn náà lábẹ́ abala 482 nínú òfin ìlànà ẹjọ́ ọ̀daràn, tó di 528 nínú òfin tuntun tó bẹ̀rẹ̀ ní oṣù keje 2024. Ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ náà ti sọ ọ́ ní 2012 àti 2022 pé kí wọ́n má kàn da orúkọ mọ̀lẹ́bí ọkọ pọ̀ láìsọ ohun tí oníkálukú ṣe.

Ṣé ó lè pe ẹjọ́ yìí láti Lọ́ńdọ̀nù láìdé ọ̀hún? Ṣé kó dúró kí ọlọ́pàá parí ìwádìí ni? Bàbá rẹ̀ ń ṣàìsàn, ó fẹ́ lọ wò ó, ẹ̀rù sì ń bà á pé wọ́n á mú un ní pápákọ̀ òfuurufú. Ẹni tó bá ti rí irú ẹ̀ rí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dá mi lóhùn.