Orin ègbè ni àbí orin atọ́kùn?

Ẹ̀yin ará, mo kí yín o. Orúkọ Yorùbá la ń wá fún ohun tí Òyìnbó ń pè ní film score. Ẹ̀gbọ́n wa tó ní ká máa pe orin tí wọ́n ń fi sábẹ́ fíìmù ní "orin ègbè" gbìyànjú, ó sì dùn ún pè. Àmọ́ lójú tèmi, kò bá iṣẹ́ orin ọ̀hún mu.

Elégbè kì í ṣáájú ẹni tó ń lé orin. Nínú fíìmù ńkọ́? Ẹ wo Jaws tí Steven Spielberg ṣe ní 1975. Ẹja àkurákudà tí wọ́n fi ẹ̀rọ ṣe ń bàjẹ́ lemọ́lemọ́, kò ṣeé fi hàn bí wọ́n ṣe fẹ́. Ohùn méjì péré ni John Williams, tó ṣe orin fíìmù náà, fi dípò rẹ̀: dùn-dún, dùn-dún, á rọra bẹ̀rẹ̀, á wá máa yára bọ̀. (Nígbà tó kọ́kọ́ fi dùùrù tẹ̀ ẹ́ fún Spielberg, ẹ̀rín ni ọ̀gá náà bú sí, ó rò pé àwàdà ni.) Omi lásán là ń wò, ara wa ti bù máṣọ.

Ibì kan tún wà níbẹ̀ tí ọmọkùnrin méjì gbé lẹbẹ ẹja tí wọ́n fi páálí ṣe sórí omi láti dẹ́rù ba èèyàn. Gbogbo èrò etíkun fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ, àmọ́ orin ẹja yẹn ò dún rárá. Ẹni tó bá fetí sílẹ̀ á ti fura pé irọ́ ni.

"Orin atọ́kùn" ni mo fara mọ́. Atọ́kùn ló ń la ọ̀nà fún eégún. Bó bá ṣe ń lé èrò sẹ́yìn lèèyàn fi ń mọ̀ bóyá kóun dúró tàbí kóun sá. Lóòótọ́, àwọn onírédíò ti ní atọ́kùn ètò, ṣùgbọ́n ta ló ṣi ìyẹn mú fún ti eégún rí?

Ẹni tó bi wá pé ṣé ohun tí kò lọ́rọ̀ nínú ṣeé pè lórin, ṣebí a máa ń fi fèrè kọrin. Nínú fíìmù Psycho, ní 1960, ohun èlò olókùn nìkan, irú àwọn tí à ń ha bíi gòjé, ni Bernard Herrmann lò. Hitchcock, olùdarí fíìmù náà, ò tiẹ̀ fẹ́ orin kankan níbi tí wọ́n ti pa obìnrin kan ní balùwẹ̀. Ìgbà tó gbọ́ igbe olókùn náà ló yí ọkàn padà.

Èyí tó wà nínú fíìmù tiwa, tí olórin ti ń kọ ọ́ pé ìyàwó fẹ́ fi májèlé sọ́bẹ̀ kí ìyàwó tó dé ilé ìdáná, ẹ má fìyẹn kún un. Mo ti sọ ọ́ ní "orin olófòófó". Atọ́kùn wo ló ń ṣí aṣọ lójú eégún?