Ṣé ìwé ni kí àwọn ọmọ yìí kọ́kọ́ kà, àbí fíìmù ni kí wọ́n kọ́kọ́ wò?

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ìmọ̀ràn ni mo ń wá. Mo máa ń bá àwọn ọ̀dọ́ kan kàwé ní Ìbarà, l'Abẹ́òkúta níbí, lọ́jọ́ Sátidé. The Lord of the Rings, ìtàn àròsọ tí Tolkien kọ, ló kàn. Ìwé náà gùn, wọ́n sì ń bẹ̀ mí pé káwọn wo fíìmù tí Peter Jackson ṣe látinú rẹ̀ ná.

Pé fíìmù yọ Tom Bombadil, ọ̀kan nínú àwọn ẹ̀dá ìtàn inú ìwé náà, kúrò pátápátá kò dùn mí, kò sí bí gbogbo ìwé ṣe lè wọ inú fíìmù. Ti Faramir, ọ̀gágun kan nínú ìtàn náà, ló ń ká mi lára. Nínú ìwé, ó mọ̀ pé òrùka agbára tí ọ̀pọ̀ ń du wà lọ́wọ́ Frodo, olú ẹ̀dá ìtàn náà, síbẹ̀ kò gbà á. Ó fún un lóúnjẹ, ó sì jẹ́ kó máa lọ. Ọmọlúàbí pọ́ńbélé! Nínú fíìmù ọdún 2002, ńṣe ló mú Frodo àti Sam ọ̀rẹ́ rẹ̀ nígbèkùn lọ sí ìlú Osgiliath kó tó yí ọkàn padà. Mi ò fẹ́ kó jẹ́ Faramir inú fíìmù ni wọ́n máa kọ́kọ́ mọ̀. Ṣùgbọ́n bí mo bá ní dandan ìwé ni, ẹ̀rù ń bà mí pé àwọn kan ò ní wá mọ́.

Ẹ̀yin olùkọ́ àti òbí, èwo lẹ kọ́kọ́ fún àwọn tiyín? Apá mẹ́ta ni ìwé náà, mẹ́ta ni fíìmù. Ṣé ká máa ka apá kan tán ká tó wo tirẹ̀?