Lẹ́tà tí a kò kọ ló lé wa jáde ní kóòtù

Ìdọ̀tí ilé ìwòsàn ni èmi àti bọ̀dá mi ń kó n'Íbàdàn: abẹ́rẹ́ tí wọ́n ti lò, báńdéèjì, ìgò oògùn. A ní pámíìtì NESREA, àjọ ìjọba àpapọ̀ tó ń mójú tó òfin àyíká. Mo fẹ́ kẹ́ ẹ mọ ìyẹn ṣáájú, kẹ́nikẹ́ni má baà rò pé òfin àyíká là ń sá fún. Mo ti rí ọmọkùnrin kan tó ń ṣa ike ní ààtàn Awótan, tó gbé ẹsẹ̀ sókè, tí abẹ́rẹ́ ti gún sílípáàsì rẹ̀ láti ìsàlẹ̀ yọ sókè. Díẹ̀ ló kù kó kan ẹran ara. Látọjọ́ náà, tí wọ́n bá béèrè pámíìtì lọ́wọ́ mi, inú mi máa ń dùn ni.

Ilé iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ kan polówó tẹ́ńdà, pé kí ẹni tó bá fẹ́ gba iṣẹ́ kíkó irú ìdọ̀tí yìí kọ̀wé wá. Wọ́n béèrè pámíìtì, wọ́n béèrè ìwé owó orí ọdún mẹ́ta, gbogbo èyí tá a ti mọ̀. Àfi ìlà kan: ẹ̀rọ tí a ó fi jó ìdọ̀tí náà gbọ́dọ̀ wà nínú ìjọba ìbílẹ̀ tí ilé iṣẹ́ náà wà, pámíìtì rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ ti pé ọdún mẹ́ta. Ẹnì kan ṣoṣo ló ní irú rẹ̀ lágbègbè yẹn. Tiwa wà ní ìjọba ìbílẹ̀ kejì, kò tó ogún ìṣẹ́jú lọ́kọ̀. Èéfín kò mọ ààlà ìjọba ìbílẹ̀.

Bọ̀dá mi ní ká ṣì kọ̀wé du iṣẹ́ náà, pé tí wọ́n bá já wa sílẹ̀, ká wá lọ sí kóòtù. Wọ́n já wa sílẹ̀ lóòótọ́, ìlà yẹn gan-an ni wọ́n tọ́ka sí. Lọ́yà wa gbé e lọ tààrà sí Ilé-ẹjọ́ Gíga ti Ìjọba Àpapọ̀. Ohun tó gbára lé ni ìdájọ́ Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jùlọ ní oṣù July 2018, lórí epo NNPC tó dà sí omi àwọn ará Acha ní ìpínlẹ̀ Abia. Ìdájọ́ yẹn ló gbà kí àjọ tó ń jà fún àyíká pẹjọ́, kódà tí kì í bá ṣe òun ni epo bà lómi jẹ́. Ìdájọ́ tó dáa gan-an ni. Ṣùgbọ́n àwa tá a du iṣẹ́, ọ̀nà tiwa yàtọ̀.

Lọ́yà òdìkejì ò tiẹ̀ pariwo. Ó dìde, ó ka abala 54 nínú òfin tẹ́ńdà ìjọba ti 2007, ó jókòó. Adájọ́ wá bi lọ́yà wa pé lẹ́tà tá a kọ sí accounting officer, ìyẹn ọ̀gá pátápátá ilé iṣẹ́ náà, dà? Lọ́yà bẹ̀rẹ̀ sí í tú fáìlì. Ó tú u dé ìwé tó kẹ́yìn, ó tún ti iwájú bẹ̀rẹ̀. Èmi ni mo to fáìlì yẹn, mo mọ̀ pé kò sí níbẹ̀. Wọ́n da ẹjọ́ náà nù láì tíì dé orí ọ̀rọ̀ ẹ̀rọ rárá.

Ẹ jọ̀ọ́, bó ṣe rí nìyí. Ọ̀gá pátápátá ilé iṣẹ́ tó gbé tẹ́ńdà jáde lẹ ó kọ́kọ́ kọ̀wé sí, láàárín ọjọ́ iṣẹ́ 15 sí ìgbà tẹ́ ẹ rí àbùkù náà, tàbí tó yẹ kẹ́ ẹ ti rí i. Tí àbùkù bá wà nínú ìpolówó, ẹ má dúró dìgbà tí wọ́n bá já yín sílẹ̀. Òun náà ní ọjọ́ iṣẹ́ 15 láti fèsì. Tí kò bá fèsì, tàbí tí èsì rẹ̀ kò tẹ́ yín lọ́rùn, ẹ ní ọjọ́ iṣẹ́ 10 láti dé ọ̀dọ̀ BPP, àjọ tó ń bójú tó tẹ́ńdà ìjọba àpapọ̀, l'Abuja, wọ́n á sì dá tẹ́ńdà náà dúró ná. Ọjọ́ iṣẹ́ 21 ni BPP ní láti sọ ìpinnu wọn. Ẹ̀yìn ìyẹn ni kóòtù kàn, láàárín 30 ọjọ́.

Nígbà tí ilé iṣẹ́ mìíràn tún kọ "pámíìtì ọdún mẹ́ta" sínú tiwọn, ọjọ́ kẹrin ni mo ti gbé lẹ́tà débẹ̀. A ò ní kí wọ́n yọ pámíìtì. A ní kí wọ́n fi í sílẹ̀, kí wọ́n yọ iye ọdún, kí wọ́n wá béèrè ìwé tó ń tọpa ẹrù láti wọ́ọ̀dù títí dé ìdí ẹ̀rọ.

Akọ̀wé tó gbà á ní kí n fi sílẹ̀, pé wọ́n á pè mí.

"Ẹ má bínú, mà. Òǹtẹ̀ ni mò ń retí."

Mo dúró lórí ìdúró fún bíi wákàtí kan. Nígbà tó yá, ó tẹ̀ ẹ́ sórí ẹ̀dà tèmi, ó fi báírò pupa kọ déètì sí i.

A ò dé Abuja. Kó tó di pé àsìkò wọn pé, wọ́n tún ìpolówó náà ṣe: iye ọdún kúrò, pámíìtì dúró, ìwé ìtọpa wọlé. Ilé iṣẹ́ mẹ́rin la du iṣẹ́ náà. Àwa kọ́ la gbà á, owó ẹlòmíì kéré sí tiwa. Mo kọjá níbẹ̀ lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ wá kó ẹrù. Àwọn àpótí abẹ́rẹ́ aláwọ̀ ìyeyè wà nínú ọkọ̀, gbogbo wọn ni wọ́n fi ọmọrí dé.