Gbólóhùn ìwé wo ló dúró tì yín lọ́jọ́ tí nǹkan le?

Àdùkẹ́ Ọjà Igbó
Ẹ kú alẹ́ o, gbogbo ará Ògbómọ̀ṣọ́, àti ẹ̀yin àlejò wa. Àwọn ìwé ọ̀dọ́ tí ìjọba ìkà ti gba ìlú, tí ọmọ kékeré wá dìde pé òun ò gbà: gbólóhùn wo níbẹ̀ ni kò kúrò lọ́kàn yín, ibo ló sì ti bá yín? Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ tèmi. The Hunger Games ni, ti Suzanne Collins. Nínú rẹ̀, ìjọba máa ń mú àwọn ọmọ lọ sí pápá kan kí wọ́n pa ara wọn níbẹ̀; Katniss ni ọmọbìnrin tó dìde sí wọn. Nígbà tí owó bébà di ọ̀wọ́n ní ìbẹ̀rẹ̀ 2023, èmi àti màámi máa ń lọ tò sí báǹkì láti aago márùn-ún ìdájí. Lọ́jọ́ kẹta, obìnrin kan ti màámi kúrò lórí ìlà. Màámi ti ká ìbọ̀rí wọn mọ́dìí, ìjà ti fẹ́ dé. Ni ọ̀rọ̀ tí Haymitch, olùkọ́ rẹ̀ nínú ìjà náà, sọ fún Katniss nínú ìwé kejì, kó tó padà sí pápá ikú, bá sọ sí mi lọ́kàn: kó rántí ẹni tó jẹ́ ọ̀tá. Mo di màámi lọ́wọ́ mú, mo ní, "Màámi, kì í ṣe obìnrin yìí." Wọ́n wo ẹsẹ̀ obìnrin náà. Ó ti wú bíi tiwọn. Nígbà tó yá, àwọn méjèèjì jókòó sórí páálí kan ṣoṣo.

Bàbá Ìbejì Táákì
Páálí kan ṣoṣo yẹn wọ̀ mí lára. Òru méjì ni mo sùn níwájú ẹ̀rọ tó ń pọ owó nígbà yẹn. Mi ò ka ìwé kankan o, ṣùgbọ́n ohun tí ọmọ yìí sọ yé mi.

Sọjí Sábó
"Bí a bá jóná, ẹ ó jóná pẹ̀lú wa." Katniss ló sọ ọ́ sí ìjọba. Ìwé kẹta, 2010. Kò sí èyí tó jù ú lọ.

Ọmọ Akẹ̀sán
Sọjí, mi ò bá ọ jà, àmọ́ gbólóhùn yẹn kò dùn létí mi. Ọ̀yọ́ ni mo wà. Ọjọ́ karùn-ún oṣù kìíní 2020 ni iná sọ ní ọjà Akẹ̀sán, ìsọ̀ màámi sì wà níbẹ̀. Nígbà tá a débẹ̀, páànù òrùlé ti ká jọ bí ewé gbígbẹ. Èlùbọ́ inú àpò ṣì ń rú èéfín títí ilẹ̀ fi ṣú, òórùn rẹ̀ dà bí àmàlà tó jó mọ́ ìdí ìkòkò. Màámi kò sunkún. Wọ́n mú igi, wọ́n ń tú eérú, wọ́n ní àwọn ń wá àgádágodo ìsọ̀ wọn. Kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ ṣì so mọ́ etí ìró wọn. Láti ọjọ́ náà, bí ẹnikẹ́ni bá ti fi iná ṣe àpèjúwe ìjà, ara mi máa ń bù máṣọ.

Sọjí Sábó
Ẹ dákun, ẹ má bínú, ẹ̀gbọ́n. Mi ò mọ̀. Ẹ bá mi kí màámi.

Bàbá Ìbejì Táákì
Kọ́kọ́rọ́ létí ìró. Ọlọ́run ò ní jẹ́ ká rírú ẹ̀ mọ́.

Tíṣà Arówómọ́lé
Ọmọ Akẹ̀sán, inú ìwé kẹta yẹn kan náà ni Finnick, ọ̀rẹ́ Katniss tí òun náà ti ja ní pápá, ti sọ pé kéèyàn tó lè kó ara rẹ̀ jọ, ó ń gbà tó ìlọ́po mẹ́wàá àkókò tó fi fọ́. Mo kọ ọ́ sẹ́yìn rẹ́jísítà kíláàsì mi lọ́dún tí ìyàwó mi kú. Ọmọ kan rí i, ó bi mí bóyá ìṣirò ni. Mo ní ìṣirò ni.

Ọmọ Akẹ̀sán
Òótọ́ ni, sà. Òru kan péré ló fi jó. Àmọ́ ó gba màámi tó ọdún méjì kí wọ́n tó tún ní àpò mẹ́wàá nílẹ̀. Orí àtẹ ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀, pẹ̀lú èlùbọ́ kóńgò mẹ́ta.

Déwùmí
Tèmi rèé: "Ìrètí nìkan ló lágbára ju ẹ̀rù lọ." Ìwé kìíní, Ààrẹ Snow, olórí ìjọba ìkà yẹn.

Tíṣà Arówómọ́lé
Kò sí nínú ìwé, Déwùmí. Inú fíìmù tó jáde ní 2012 ló wà.

Déwùmí
Ó wà níbẹ̀, sà. Mo kà á.

Tíṣà Arówómọ́lé
Katniss ló ń fẹnu ara rẹ̀ sọ ìtàn yẹn láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Snow àti Seneca Crane, ọ̀gá àwọn tó ń ṣètò ìjà pápá náà, ló jọ sọ ọ̀rọ̀ yẹn níkọ̀kọ̀. Ta ni ì bá bá Katniss gbọ́ ọ?

Déwùmí
Mo ti tú ìwé náà tán báyìí. Ẹ jàre, sà. Ṣùgbọ́n òun ni mo fi gbé oṣù mẹ́ta tí mo fi sùn sẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì bàbá mi ní ọsibítù, mi ò sì ní dá a padà.

Àdùkẹ́ Ọjà Igbó
Àbúrò, má dá a padà. Kìkì pé ìkà ló sọ ọ́. Ó ní ìrètí díẹ̀ dára, àpọ̀jù rẹ̀ ló léwu. Bí wọ́n ṣe ń bu ìrètí fún ará ìlú nìyẹn, ṣíbí kan lẹ́ẹ̀kan.

Ìyá Oníbúrẹ́dì
Ọmọ mi ló ń ka ìwé náà sí mi létí nígbà tí mo bá ń po ìyẹ̀fun. Ó ní Panem, orúkọ ìlú wọn, búrẹ́dì ni lédè Látìn. Mi ò gba gbólóhùn kankan mú, àfi ọmọ oníbúrẹ́dì yẹn, Peeta, tó ju búrẹ́dì tó jóná sí Katniss nínú òjò, tí ìyá rẹ̀ sì lù ú. Katniss fura pé ó mọ̀ọ́mọ̀ jó o ni. Mo ní kí ọmọ mi tún ibẹ̀ kà. Nídìí ààrò mi, èyí tó bá jóná la máa ń fi ọ̀bẹ họ ẹ̀yìn rẹ̀, ká kó o fáwọn ọmọ tó máa ń dúró lẹ́yìnkùlé. Ó ti pẹ́ tí ọmọ iṣẹ́ mi kan ti ń jó márùn-ún, mẹ́fà, lójoojúmọ́, mo sì máa ń bá a wí. Lálẹ́ ọjọ́ yẹn ni ojú mi là. N kò bá a wí mọ́.

Àdùkẹ́ Ọjà Igbó
Ìyá mi! Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi dúpẹ́ lọ́wọ́ ọmọ yẹn.

Káyọ̀dé
Ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Ohun tó dùn mí jù níbẹ̀ ni pé ọmọ tí ebi ń pa lè gba ọkà àti òróró, kí wọ́n fi orúkọ rẹ̀ kún inú igbá ikú, èyí tí wọ́n ti ń fa orúkọ ọmọ tó máa lọ sí pápá yọ. Nígbà tí Katniss pé ọdún 16, orúkọ rẹ̀ ti wọ ibẹ̀ lẹ́ẹ̀ 20. Ti Gale, ọ̀rẹ́ rẹ̀, jẹ́ 42. Wọ́n gbé ìrẹsì kóńgò méjì wá sí àdúgbò wa nígbà ìbò. Ìyá àgbà mi ní kí wọ́n gbé e padà, bẹ́ẹ̀ a ò tíì jẹun lọ́jọ́ náà. Inú bí mi sí wọn nígbà yẹn.

Bàbá Ìbejì Táákì
Ẹ̀yin ọmọ yìí, ṣé inú ìwé òyìnbó nìkan ni gbólóhùn wà ni? "Ọ̀kẹ́ mẹ́fà là ó san!" Bàbá mi pariwo rẹ̀ títí ohùn wọn fi há, nígbà Agbẹ́kọ̀yà, tí àwọn àgbẹ̀ dìde sí ìjọba lórí owó orí, 1968 sí 1969. Ògbómọ̀ṣọ́ wà lára ibi tó ti le.

Sọjí Sábó
Pọ́n-ùn mẹ́fà nìyẹn àbí?

Bàbá Ìbejì Táákì
Rárá o. Ṣílè márùn-ún ni ọ̀kẹ́ kan. Ọ̀kẹ́ mẹ́fà, ọgbọ̀n ṣílè.

Káyọ̀dé
Kí ló dé tí wọn ò kúkú pè é ní ọgbọ̀n ṣílè? Lásìkò yẹn, ta ló ṣì ń ná owó ẹyọ?

Tíṣà Arówómọ́lé
Àwọn àgbẹ̀ ṣì ń fi ọ̀kẹ́ ka owó lẹ́nu, bí ẹnikẹ́ni ò tilẹ̀ ná owó ẹyọ mọ́. Ẹgbàáwàá ẹyọ owó ni ọ̀kẹ́ kan tẹ́lẹ̀.

Bàbá Ìbejì Táákì
Ó sì dùn ún pa lórin. Ẹ gbé ọgbọ̀n ṣílè sórí ìlù, ẹ wò ó bóyá ẹsẹ̀ á gbé e.

Déwùmí
Mo ti kọ "ọ̀kẹ́ mẹ́fà" sábẹ́ ti Snow, sà.

Àdùkẹ́ Ọjà Igbó
Ọmọ Akẹ̀sán, ibo ni màámi wà nínú ọjà báyìí? Mò ń bọ̀ l'Ọ́yọ̀ọ́ lọ́jọ́ Sátidé, mo fẹ́ ra èlùbọ́.

Ọmọ Akẹ̀sán
Tí ẹ bá ti wọlé, ẹ bi ẹnikẹ́ni léèrè ìyá elélùbọ́ tó so kọ́kọ́rọ́ méjì mọ́ ìró. Ọ̀kan nínú rẹ̀ kò ṣí nǹkan kan mọ́. Ẹ tètè dé o, kí ilẹ̀ tó ṣú, wọ́n máa ń tà tán.