Àwọn ayálégbé mi ní kí n máa lọ: ṣé kí n pe ọlọ́pàá?

Kọ́mọ́réèdì Àgbà
Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn. Ọmọ ọdún 21 ni mí ní oṣù kẹrin ọdún 1978, nígbà tí ìjọba ológun Ọbásanjọ́ fi kọ́bọ̀ 50 lé owó oúnjẹ àwa akẹ́kọ̀ọ́ lójúmọ́. A tú síta: "Ali Must Go!" Kọ́nẹ́ẹ̀lì Ahmadu Ali ni kọmíṣọ́nnà ètò ẹ̀kọ́. Wọ́n yìnbọn, àwọn ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ kú. Inú gọ́tà ni mo sá sí, bàtà mi kan bá a lọ. Mo ṣì ní agolo tajútajú ọjọ́ náà. Ìyàwó mi ń kó ṣíbí sí i.

Mo búra nínú gọ́tà yẹn pé mi ò ní ni ọmọ tálákà lára láéláé.

Mo wá nílé oníyàrá mẹ́rìnlá n'Íbàdàn. Epo jẹnẹrétọ̀ tó ń fa omi gbówó lórí, mo bá fi 500 náírà lé owó omi. Àárọ̀ Sátidé, páálí ti kún ojúde: "Lánlọ́ọ̀dù Must Go!" Ohùn tiwa gan-an! Ọmọ yàrá kẹta ló ń dá a, èmi ni mo sì kọ́ ọ nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan tí bíà wọ̀ mí lára. Wọ́n kọ "OPRESSOR" sára páálí kan. Ara mi ò gbà á. Mo ju máákà sí wọn látojú fèrèsé pé kí wọ́n fi P kan kún un. Wọ́n ní "Ẹ ṣé, sà," wọ́n fi kún un, wọ́n tún gbé orin.

Ìyàwó mi ní bí mo bá pe ọlọ́pàá, òun náà á gbé páálí.

Àkànbí Mọ́kọ́lá
Òkò tí Bàbá sọ sọ́jà ní 1978, ará ilé ló wá bà 😂 Ẹ fi rìsíìtì epo hàn wọ́n, sà. Ẹ má pe ọlọ́pàá kankan.

Ìyá Ìbejì
Ayálégbé lèmi náà. Kí ẹ tó fi 500 lé e, ṣé ẹ bi ẹnikẹ́ni?

Ògbólógbòó
Kọ́mọ́réèdì, ẹ fọkàn balẹ̀. A ní kí Ali máa lọ ní 1978. Ní 2005 ó di alága PDP, Ọbásanjọ́ kan náà sì ni ààrẹ. Bí a ṣe máa ń lé èèyàn nìyẹn.

Kọ́mọ́réèdì Àgbà
Mo kó rìsíìtì lọ bá wọn, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ sunkún. Wọ́n ní àwọn ò rí ẹni tó mọ lẹ́tà kọ tó mi, wọ́n bá fi mí ṣe akọ̀wé ìgbìmọ̀. Lẹ́tà tí a fẹ́ fi ránṣẹ́ sí lánlọ́ọ̀dù ni mò ń kọ lọ́wọ́ báyìí. Mo ti dé ìpínrọ̀ kẹta. Ọkùnrin yẹn burú o.